Orí Kẹfà Ìwé Tíṣà Ayọ̀rìndé

Ewé mẹ́tàlélógún ni olè náà mú lọ. Kò fọwọ́ kan rédíò orí tábìlì, kò mú aago ara ògiri, kò sì ya ọ̀dọ̀ kóńgò ìrẹsì méjì tó wà ní kọ̀rọ̀ yàrá, bẹ́ẹ̀ ọdún 1988 ni ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀, nígbà tí sáàpù, ètò ìfúnlẹ́mọ́ra ìjọba, ti sọ ìrẹsì di oúnjẹ ọdún. Ìwé ni olè jí: orí kẹfà nínú ìtàn Ọ̀tà àti àwọn abà rẹ̀, tí Tíṣà Ayọ̀rìndé ti ń kọ láti ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n sẹ́yìn.

"Hàlímọ̀, wọ́n ti pa mí," ni Tíṣà wí láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, bó ṣe wọ ọ́fíìsì Ìnsípẹ́kítọ̀ Hàlímọ̀tù Kàdírì ní téṣàn. Ọwọ́ ló fi mú fìlà rẹ̀. Láti kékeré, Hàlímọ̀tù kò rí bàbá náà láìdé fìlà rí.

Ní téṣàn yẹn, òun ni wọ́n máa ń gbé ọ̀rọ̀ tó bá ta kókó fún. Òun ló mú ọlọ́dẹ tó ń jí aṣọ kó ní ilé iṣẹ́ kan ní Sango, nítorí pé òwú lẹ̀ mọ́ ìsàlẹ̀ bàtà ọkùnrin náà, bẹ́ẹ̀ ẹnu géètì ni iṣẹ́ rẹ̀ mọ. Ṣùgbọ́n níwájú Tíṣà, ọmọ kíláàsì karùn-ún ló ṣì jẹ́. Tíṣà ló kọ́ ọ pé kí ènìyàn tó gba ọ̀rọ̀ gbọ́, kó kọ́kọ́ béèrè ẹni tó sọ ọ́, ọjọ́ tó sọ ọ́, àti èrè tó wà níbẹ̀ fún un. Ìbéèrè mẹ́ta yẹn ni Hàlímọ̀tù fi ń ṣe iṣẹ́ ọlọ́pàá láti ọdún mẹ́rìndínlógún.

"Ẹ jókòó, Tíṣà. Ìgbà wo ló ṣẹlẹ̀?"

"Lánàá, nígbà tí mo wà ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo dé, mo bá àgádágodo àpótí mi, wọ́n ti fi ayùn gé e."

Hàlímọ̀tù tẹ̀ lé e lọ sílé. Yàrá náà kò yí padà: ìwé lórí ìwé, bébà tí wọ́n fi okùn ọgbọ̀ dì, kẹ̀kẹ́ ológeere tí táyà rẹ̀ ti gbẹ. Lórí pẹpẹ ni ìwé òyìnbó ńlá tí wọ́n fi awọ dì wà, èyí tí míṣánnárì kan fi sílẹ̀ nígbà tó ń padà sílé. Ní kíláàsì, Tíṣà a máa gbé e wá, a sì sọ fún wọn nípa àwọn ará Gẹ̀ẹ́sì kan ní nǹkan bí irinwó ọdún sẹ́yìn. Wọn kì í ṣe ọba, wọn kì í ṣe jagunjagun. Wọ́n kàn ń gun ẹṣin kiri àgbègbè tí wọ́n bí wọn sí ni, tí àwọn ará ibẹ̀ ń pè ní káńtì, bí ìjọba ìbílẹ̀ tiwa. Wọ́n ń da àkọlé ara ibojì kọ, wọ́n ń tú ìwé àtijọ́ inú ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n ń bi arúgbó léèrè ẹni tó kọ́kọ́ dá oko yìí àti ẹni tó tẹ́ afárá yẹn. "Ìlú tí kò bá ní irú wọn," Tíṣà a ní, "àlejò ni yóò kọ ìtàn rẹ̀ fún un, àlejò a sì kọ ohun tó wù ú." Torí náà ló ṣe ra kẹ̀kẹ́. Ó gùn ún dé Àlápótì, ó gùn ún dé Ìjù, ó jókòó ti àwọn ìyá arúgbó títí wọ́n fi ki oríkì ìdílé wọn tán fún un.

"Ta ló mọ ibi tí ìwé yìí ń gbé?" ni Hàlímọ̀tù bi í. Ẹnu ọ̀nà ló dúró sí. Tíṣà ló ṣí ìdérí àpótí, tó nàka sí i, tó sì tún pa á dé. Hàlímọ̀tù kò wọlé lọ wò ó. Ẹni tó kọ́ ọ ní ABD ló ń sọ̀rọ̀.

Tíṣà fọwọ́ lé ìdérí àpótí. "Mùsílíù nìkan ni. Òun ló ń bá mi fi ẹ̀rọ táípù tẹ̀ ẹ́."

Obìnrin tó ń gbé ẹ̀gbẹ́ ilé ti gbọ́. Ó yọjú láti ojú fèrèsé. "Ọmọ Ìwó yẹn? Mo rí i lánàá láàárọ̀! Ó di bébà mọ́ra, ó ń yára lọ bí ẹni tí wọ́n ń lé."

*

Ìsọ̀ Mùsílíù wà ní Ìyànà Ìyẹ̀sí. Ẹ̀rọ táípù kan, àga méjì, àti páálí kan tó kọ "Ìwé Ìwáṣẹ́ Kíákíá" sí. Láti ìgbà tí àwọn ilé iṣẹ́ ti ń dá òṣìṣẹ́ dúró, ọjà rẹ̀ ń tà. Ọmọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni, kò ju ọmọ ọdún méjìdínlọ́gbọ̀n lọ. Lábẹ́ tábìlì rẹ̀ ni Hàlímọ̀tù ti rí rííìmù bébà mẹ́rin, funfun báláú, àmì ilé iṣẹ́ bébà Alhaji Àmọ̀dá lára wọn.

Ó pẹ́ tí Hàlímọ̀tù ti rí irú bébà bẹ́ẹ̀ gbẹ̀yìn. Ní téṣàn, ẹ̀yìn fọ́ọ̀mù àtijọ́ ni wọ́n ń kọ̀wé sí.

"Kí lo gbé jáde nílé Tíṣà lánàá?"

"Bébà yìí ni, mà."

"Ta ló fún ẹ?"

"Tíṣà ni. Wọ́n ní kí n wá kó o fún orí kẹjọ, pé àwọn ò ní sí nílé, pé ó wà lórí àga lẹ́nu ọ̀nà."

"Wọ́n ń ta bébà yìí bí wúrà, Tíṣà wá kó o síta bí ẹni sá aṣọ?"

"Èmi náà yà mí lẹ́nu, mà. Ẹ bi wọ́n."

Hàlímọ̀tù padà lọ bi wọ́n. "Tíṣà, ṣé ẹ ní kí Mùsílíù wá kó bébà lánàá?"

Tíṣà wo ilẹ̀. "Mi ò rántí dáadáa, Hàlímọ̀. Ọjọ́ ogbó."

Ó tán. Lójú Hàlímọ̀tù, gbogbo rẹ̀ ti so pọ̀: Alhaji Àmọ̀dá, olówó ilé iṣẹ́ páálí àti bébà ní Sango, ní ẹjọ́ ilẹ̀ kan lẹ́yìn Ìjù, orí kẹfà ló sọ ìtàn àwọn ìdílé tó ni ilẹ̀ náà, kò ní fẹ́ kó jáde, ó fi bébà ra Mùsílíù, Mùsílíù jí i fún un. Lọ́sàn-án ọjọ́ Ajé kan náà, wọ́n ti Mùsílíù mọ́lé. Kò jà. Ohun tó béèrè kò ju ẹnì kan tó máa bá òun ti ìsọ̀ òun lọ. Nígbà tí Sájẹ́ǹtì Fọláwẹwọ́ ń mú un kọjá ní Ìyànà Ìyẹ̀sí, àwọn oníṣòwò dìde dúró wò ó. Ẹnì kan pariwo "olè!" Hàlímọ̀tù gbọ́ ọ. Kò yíjú padà.

*

Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, ó lọ bá Alhaji Àmọ̀dá ní Sango. Ariwo ẹ̀rọ ń mi ilẹ̀kùn ọ́fíìsì. Alhaji fúnra rẹ̀ fa àga fún un.

"Alhaji, bébà tí ẹ fún Mùsílíù atẹ̀wé..."

"Mùsílíù wo?"

"Èyí tó ń tẹ̀wé ní Ìyànà Ìyẹ̀sí."

"Mi ò mọ ọ́n rí. Tíṣà Ayọ̀rìndé ni mo fún ní bébà. Ogójì rííìmù, mo sì ṣèlérí pé èmi ni n ó sanwó ìtẹ̀jáde ìwé náà. Ṣé ẹ̀ṣẹ̀ ni?"

Hàlímọ̀tù sún àga mọ́ tábìlì. "Ẹ mọ ohun tó wà nínú orí kẹfà?"

"Kí ló dé tí mi ò ní mọ̀ ọ́n? Nínú yàrá yìí ló ti kà á sí mi létí. Ìtàn bàbá ńlá mi ni, bó ṣe wà lára àwọn tó tẹ Abà Olódò dó, lórí ilẹ̀ tí à ń ṣẹjọ́ lé lẹ́yìn Ìjù. Lọ́yà mi ń retí rẹ̀ láti gbé e lọ sílé ẹjọ́." Alhaji tẹ̀ síwájú lórí àga. "Ìnsípẹ́kítọ̀, bí wọ́n bá jí i, èmi ni wọ́n jà lólè. Ẹ bá mi wá a."

Hàlímọ̀tù jáde sínú oòrùn. Ẹni tó fura sí kò ní èrè kankan nínú olè yìí. Àdánù ni fún un. Bí Àmọ̀dá kò bá sì rán Mùsílíù, kí ni bébà abẹ́ tábìlì wá jẹ́ ẹ̀rí rẹ̀? Ṣé òótọ́ ni ọ̀rọ̀ tí ọmọkùnrin náà sọ? Ó yẹ kó padà sí téṣàn kó tú u sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Kò lọ. Ó sọ fún ara rẹ̀ pé ó ku ẹnì kan tí òun yóò bi léèrè, pé bóyá ìdílé tí Àmọ̀dá ń bá ṣẹjọ́ ló rán ọmọkùnrin náà. Ohun tó wà nísàlẹ̀ ọkàn rẹ̀ ni pé kò fẹ́ kí Sájẹ́ǹtì Fọláwẹwọ́ mọ̀ pé ọ̀gá òun ti ṣi ènìyàn tì mọ́lé. Mùsílíù sun oorun ọjọ́ kejì lórí sìmẹ́ńtì nítorí ìyẹn.

*

Màmá Ẹfúnkẹ́ ni àgbà ìdílé náà. Lẹ́yìn Ìjù ló ń gbé, ojú rẹ̀ ti fọ́ láti ọdún mẹ́jọ. Àárọ̀ Ọjọ́rú ni Hàlímọ̀tù dé ibẹ̀, ó bá a níbi tó ti ń já ẹ̀fọ́.

"Wọ́n jí ìwé Tíṣà? Ẹ̀yà!" ni Màmá wí. "Èwo nínú rẹ̀?"

"Èyí tó sọ ìtàn Abà Olódò, Màmá. Ó ní bàbá ńlá Alhaji Àmọ̀dá wà lára àwọn tó tẹ̀ ẹ́ dó."

Ọwọ́ Màmá dúró lórí ẹ̀fọ́. "Tíṣà ló kọ ìyẹn?"

"Òun ni."

"Rárá o, ọmọ mi. Èmi ni mo sọ ìtàn yẹn fún un, kó tó di pé ojú mi fọ́. Bàbá ńlá Àmọ̀dá ru ẹrù kòkó kọjá níbí, ẹsẹ̀ rẹ̀ wú, kò lè lọ mọ́. Bàbá mi ló gbà á sílé, tó fún un níbi tó kọ́ ahéré sí lẹ́bàá odò. Tíṣà kọ ọ́, ó sì kà á padà sí mi létí. Kò yọ nǹkan kan kúrò."

Ìyá arúgbó náà gbé ẹ̀fọ́ sápá kan. Lẹ́yìn náà ló rọra sọ pé, "Ó wá síbí lọ́sẹ̀ tó kọjá. Lọ́jọ́bọ̀. Kò jẹun, kò mumi. Ó ní, 'Màmá, ẹni tó bá purọ́ mọ́ òkú, ta ni yóò bẹ̀?' Mo ní alààyè ni yóò bẹ̀, torí òkú ò dáhùn. Ni mo bá gbọ́ tó ń sunkún. Mo rò pé ìyàwó rẹ̀ tó ṣaláìsí ló rántí."

Hàlímọ̀tù dúpẹ́, ó dìde. Ìbéèrè kẹta tí Tíṣà kọ́ ọ ló ń dún létí rẹ̀: kí ni èrè tó wà níbẹ̀ fún ẹni tó sọ ọ́? Nínú gbogbo àwọn tó bi léèrè, ẹnì kan ṣoṣo ni kò bi ní ìbéèrè yẹn.

*

Tíṣà wà nílé. Kò tíì fá irùngbọ̀n láti ọjọ́ Ajé.

"Ẹ jọ̀ọ́, Tíṣà, mo fẹ́ wo inú àpótí."

"Ṣebí o ti wò ó?"

"Mi ò wò ó. Ẹ̀yin lẹ wò ó fún mi."

Ó kúnlẹ̀, ó fa àpótí sí ìmọ́lẹ̀ fèrèsé. Ó kọ́kọ́ fi ọwọ́ nu ilẹ̀ níbi tí àpótí wà tẹ́lẹ̀. Eruku lásán. Ó ṣí ìdérí. Orí kìíní dé ìkarùn-ún wà lápá kan, wọ́n fi okùn dì wọ́n. Lápá kejì, orí keje ló wà lókè, ojú ewé rẹ̀ kìíní ń dán wínníwínní. Hàlímọ̀tù fi itọ́ kan ìka, ó fi tẹ̀ ẹ́, ó gbé ìka náà sójú. Èérún irin ni.

"Tíṣà, ibo ni orí kẹfà wà kí wọ́n tó jí i?"

"Lókè, lórí orí keje."

"Ẹni tó bá fi ayùn gé àgádágodo lára àpótí tó wà ní títì, ibo ni èérún irin yóò dà sí?"

Tíṣà kò fẹ́ dáhùn, ṣùgbọ́n tíṣà ni. "Ilẹ̀," ó wí.

"Ṣé ẹ ti gbá ilẹ̀ yìí?"

"Láti Sátidé, mi ò gbá a."

"Kò sí nílẹ̀. Inú àpótí ló wà, lórí ewé tó yẹ kí orí kẹfà bò mọ́lẹ̀. Nígbà tí wọ́n ń gé àgádágodo yìí, àpótí ti wà ní ṣíṣí, orí kẹfà sì ti kúrò níbẹ̀. Ẹni tó gé e ti kọ́kọ́ fi kọ́kọ́rọ́ ṣí i. Tíṣà, kọ́kọ́rọ́ mélòó ló wà?"

Bàbá náà ki ọwọ́ bọ àpò bùbá. Ó yọ kọ́kọ́rọ́ kékeré kan, ó gbé e sórí tábìlì. Lẹ́yìn náà ló gbé ìwé òyìnbó ńlá náà sílẹ̀ láti orí pẹpẹ, ó ṣí i síbi tí òwú pupa wà, ó sì tì í sọ́dọ̀ Hàlímọ̀tù.

"Ka ẹ̀gbẹ́ ewé yẹn."

Ìran olówó kan ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n yà síbẹ̀, bí igi tó yọ ẹ̀ka, tí gbòǹgbò rẹ̀ kan jagunjagun kan tó bá ọba aṣẹ́gun wọ̀lú. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, Tíṣà ti fi pẹ́ńsù kọ ọ́ nígbà tí ọwọ́ rẹ̀ ṣì le: *Irọ́ ni èyí. Olówó yìí ló sanwó ìwé. Ojú kò ti ẹni tó kọ ọ́.* Lábẹ́ rẹ̀, wọ́n fi bírò kọ ọ̀rọ̀ méjì, tó wọ́ bí ìkọ̀wé arúgbó: *Èmi náà.*

Hàlímọ̀tù rọra pa ìwé náà dé.

"Bébà ló mú mi," ni Tíṣà wí. "Ọdún méjì ni mo fi kọ̀wé sórí àpò sìmẹ́ńtì. Kòkòrò ń jẹ àwọn ti àtẹ̀yìnwá, ojú mi ń ṣú. Àmọ̀dá wá, ó kó ogójì rííìmù wá, ó ní òun á tẹ ìwé jáde. Ohun tó fẹ́ kò ju kí n gbé bàbá ńlá òun síwájú díẹ̀. Mo ní orí kan ṣoṣo nínú méjìlá, ta ni yóò mọ̀? Mo kọ ọ́. Ó tiẹ̀ dùn ún kà." Ó fi ọwọ́ nu ẹnu. "Nígbà tí mo gbọ́ pé lọ́yà fẹ́ fi gba ilẹ̀ Màmá Ẹfúnkẹ́, oorun dá lójú mi."

"Kí ló dé tí ẹ ò fà á ya?"

"Bí mo bá fà á ya, n ó ní láti sọ fún Àmọ̀dá pé mo parọ́, n ó sọ fún Màmá pé mo parọ́, n ó sọ fún gbogbo Ọ̀tà. Mo ní bí wọ́n bá jí i, kò sẹ́ni tó máa ní kí arúgbó tún un kọ. Bébà yẹn gan-an, mi ò lè wò ó mọ́, ìyẹn ni mo ṣe ní kí Mùsílíù wá kó díẹ̀ lọ."

"Ẹ wá ní ẹ ò rántí."

"Mo rò pé wàá kàn bi í léèrè lásán ni. Nígbà tí mo gbọ́ pé o tì í mọ́lé, mo ní n ó wá lọ́la. Ilẹ̀ mọ́, mo wọ bàtà, mo dé ẹnu ọ̀nà. Ojú tì mí, Hàlímọ̀. Mo padà, mo bọ́ bàtà."

Abẹ́ bẹ́ẹ̀dì ìyàwó rẹ̀ olóògbé ni orí kẹfà wà, ewé mẹ́tàlélógún, kò sí èyí tó ya. Kò lè dáná sun ún. Ó ní ẹni tó ti ń tọ́jú ìwé láti ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n kò lè bẹ̀rẹ̀ sí í sun ìwé.

*

Wọ́n jọ rìn lọ sí téṣàn ni. Tíṣà dé fìlà, ó bọ́ ọ, ó tún dé e.

Nígbà tí wọ́n mú Mùsílíù jáde, ẹ̀gbẹ́ aṣọ rẹ̀ dúdú fún ìdọ̀tí, ó sì ń ṣẹ́jú nítorí ìmọ́lẹ̀. Tíṣà rò ó lójú gbogbo ọlọ́pàá. Kò fi nǹkan kan pamọ́. Bó ti parí ọ̀rọ̀, ó fẹ́ dọ̀bálẹ̀. Sájẹ́ǹtì Fọláwẹwọ́ sáré dì í mú. Ẹni ọdún mẹ́rìnléláàádọ́rin kì í dọ̀bálẹ̀ fún ọmọdé.

Mùsílíù kò sáré sí i, kò sì ní kó má ṣe bẹ́ẹ̀. Ó wò ó.

Hàlímọ̀tù ti ronú ohun tí òun yóò sọ lójú ọ̀nà. Gbogbo rẹ̀ fò lọ. "Mùsílíù, ẹ̀bi mi ni," ó wí. "Láti àná ni mo ti mọ̀ pé mo ti ṣìṣe. Mo fi ẹ́ síbẹ̀."

Àwọn ọlọ́pàá wo ara wọn. Sájẹ́ǹtì Fọláwẹwọ́ wo ilẹ̀.

"Màdáámù," ni Mùsílíù wí, ohùn rẹ̀ ti há, "èmi ò ní pe ẹnikẹ́ni lẹ́jọ́. Ó ń rẹ̀ mí. Ṣùgbọ́n wọ́n pè mí lólè ní Ìyànà Ìyẹ̀sí lójú ọjà. Bẹ́ẹ̀ bá tú mi sílẹ̀ báyìí, wọ́n á ní mo fún ọlọ́pàá ní nǹkan ni." Ó yíjú sí Tíṣà. "Ìtàn ìlú lẹ ń kọ, àbí? Ẹ kọ èyí náà sí i. Orúkọ mi, orúkọ yín, orúkọ Màdáámù. Níwájú ìsọ̀ mi lẹ ti máa sọ ọ́, èmi ni n ó tẹ̀ ẹ́."

*

Lọ́jọ́ Sátidé, ní nǹkan bí aago mẹ́wàá àárọ̀, Tíṣà jókòó sórí àga kan ní ìsọ̀ Mùsílíù. Ó ti lọ sí Sango, ó ti kó bébà tó kù padà fún Alhaji Àmọ̀dá, Alhaji sì ti ṣépè fún un dé géètì. Ó ti lọ sọ́dọ̀ Màmá Ẹfúnkẹ́ pẹ̀lú. Màmá kò ṣépè. Ó gbọ́ ọ tán, ó ní kó máa lọ, kò sì tíì ní kó padà wá. Tíṣà ní èyí ló dun òun jù.

Àwọn oníṣòwò tó pariwo olè lọ́jọ́ Ajé dúró yí wọn ká. Tíṣà ń sọ ọ́ sókè, Mùsílíù ń tẹ̀ ẹ́ sẹ́yìn fọ́ọ̀mù ìwáṣẹ́ tó bàjẹ́: bí òun ṣe gba bébà, bí òun ṣe yí ìtàn ìdílé Màmá Ẹfúnkẹ́ padà, bí òun ṣe gé àgádágodo àpótí òun. Nígbà tó kan ibi tí òun ti ní òun kò rántí, ohùn rẹ̀ kú, wọ́n ní kó tún un sọ. Ó tún un sọ.

Hàlímọ̀tù wà lẹ́yìn àwọn ènìyàn, nínú aṣọ ọlọ́pàá. Ó lè máa lọ. Kò sẹ́ni tó mú un dání. Ẹ̀rọ táípù dákẹ́. Mùsílíù gbójú sókè, ó wá a láàárín èrò títí ojú wọn fi ṣe mẹ́rin.

"Ó kan yín, Màdáámù. Kí ni kí n tẹ̀?"

Èrò yà fún un. Ó rìn wá síwájú, gbogbo ojú lára rẹ̀.

"Tẹ̀ ẹ́ pé Ìnsípẹ́kítọ̀ Hàlímọ̀tù Kàdírì ti Mùsílíù mọ́lé láìjẹ̀bi, láti ọjọ́ Ajé dé Ọjọ́rú." Ó dúró títí ẹ̀rọ náà fi bá a. "Tẹ̀ ẹ́ pé láti ọjọ́ Ìṣẹ́gun ló ti mọ̀."

Mùsílíù tẹ̀ ẹ́. Ó fa bébà náà yọ, ó gbé e sórí tábìlì, ó sì na bírò sí Hàlímọ̀tù kó fọwọ́ sí i.